Páásípọ́ọ̀tù Ọmọ Tí Bàbá Kò Fọwọ́ Sí

Ọdún 5 péré ni páásípọ́ọ̀tù ọmọ ń lò. Bí ẹ bá fẹ́ gba òmíràn, Ìmígíréṣọ̀n á béèrè ìwé ìyọ̀ǹda òbí. Bí bàbá bá kọ̀, tàbí tó bá ọkọ̀ òkun lọ tí kò fojú hàn mọ́ ńkọ́? Ẹ má fọwọ́ ayédèrú sí i, ẹ̀wọ̀n ni! Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti Èkó, 2007, fún wa ní Kóòtù Ìdílé, ire ọmọ ló sì gbọ́dọ̀ fi ṣíwájú.

Ní 2009, kóòtù ìjọba àpapọ̀ ní Port Harcourt dá Dókítà Priye Iyalla-Amadi láre, ẹni tí Ìmígíréṣọ̀n ní kó mú ìwé ọkọ wá kó tó gba páásípọ́ọ̀tù tirẹ̀. Ti ọmọ le díẹ̀ ju ìyẹn lọ: bàbá náà lẹ́tọ̀ọ́, kóòtù á gbọ́ tẹnu rẹ̀. Ẹni tí kò lówó lọ́yà, kó lọ bá Office of the Public Defender. Wọn kì í gbowó.