Ẹ̀kọ́ Àfọwọ́ṣe: Láti Ìdí Kọfí dé Ìdí Kòkó

Ọ̀rọ̀ tí wọ́n ní kí n fi ṣí ìjíròrò òní ni ọ̀rọ̀ ẹ̀kọ́ àfọwọ́ṣe. N kò ní bẹ̀rẹ̀ láti inú ìwé. Láti inú ife kọfí kan ni n ó ti bẹ̀rẹ̀, kí n tó mú ọ̀rọ̀ náà wá sílé, sí agbègbè Ọ̀wọ̀ àti Ọ̀sẹ́, níbi tí ó ti kàn wá gbọ̀ngbọ̀n.

Ní ọdún 2019, ìrìn àjò gbé mi dé Hanoi, olú-ìlú orílẹ̀-èdè Fiẹtnámù. Nígbà tí ohun tí a tìtorí rẹ̀ lọ parí, ó ku ọjọ́ kan gbáko kí ọkọ̀ òfuurufú wa tó gbéra. Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi gba ọjà lọ; èmi lọ san owó láti kọ́ bí wọ́n ṣe ń po kọfí níbẹ̀. Wọ́n fi mí rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní, "Olùkọ́, ṣé bí a ti ń da omi gbígbóná sínú ife ni ẹ fẹ́ lọ kọ́?" Mo bá wọn rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n mo lọ.

Yàrá kékeré kan lókè ṣọ́ọ̀bù ni wọ́n ti ń kọ́ni. Ènìyàn mẹ́fà ni wá. Olùkọ́ wa, obìnrin kan tí ọjọ́ orí rẹ̀ kò tíì pé ọgbọ̀n, kò kọ ohunkóhun sójú pátákó. Ó kàn gbé irin iṣẹ́ kan síwájú ẹnì kọ̀ọ̀kan wa. Phin ni wọ́n ń pè é. Ó ní àwo pẹlẹbẹ tí ó ń jókòó lórí ife. Ó ní ìkòkò kékeré tí ìdí rẹ̀ lu ihò wẹ́wẹ́ bí ajere. Ó ní irin róbótó tí a fi ń tẹ kọfí mọ́lẹ̀. Ó sì ní ọmọrí. A bu mílíìkì inú agolo, èyí tí ó ki tí ó sì dùn bí oyin, ṣíbí méjì sí ìsàlẹ̀ ife. A bu kọfí lílọ̀, nǹkan bí ogún gíráàmù, sínú ìkòkò náà, a sì fi irin tẹ̀ ẹ́. A ta omi gbígbóná díẹ̀ sí i kí kọfí náà lè mu omi kí ó sì wú. Lẹ́yìn nǹkan bí ìdajì ìṣẹ́jú, a da ìyókù omi lé e, a dé e, a sì ń retí. Bí iṣẹ́ bá pé, kọfí yóò máa kán tó, tó, tó, fún ìṣẹ́jú mẹ́rin sí márùn-ún.

Tèmi kò kán. Mo ti fi agbára tẹ irin náà jù, omi kò rí ọ̀nà gbà. Mo wo olùkọ́; òun náà wò mí, kò sì fọhùn. Nígbà tí ó pẹ́, mo dà á nù, mo tún bẹ̀rẹ̀. Lọ́tẹ̀ yìí n kò tẹ̀ ẹ́ tó. Omi sáré kọjá bí òjò orí páànù, ohun tí ó wà nínú ife kò sì yàtọ̀ sí omi tí a fi ṣan àwo. Ìgbà kẹta ni olùkọ́ wá fi ìka rẹ̀ lé ìka mi, tí ó jẹ́ kí n mọ ìwọ̀n agbára tí irin náà ń fẹ́. Kò sí ìwé tí ó lè kọ ìwọ̀n yẹn sílẹ̀. Ìka ni ó mọ̀ ọ́n.

Bí kọfí ti ń kán ni obìnrin náà ń pìtàn. Àwọn àlùfáà ìjọ Kátólíìkì láti ilẹ̀ Faransé ni wọ́n mú kọfí dé ilẹ̀ wọn ní ọdún 1857. Nítorí pé mílíìkì tútù ṣọ̀wọ́n níbẹ̀, wọ́n fi ti inú agolo rọ́pò rẹ̀. Ní ọdún 1946, nígbà tí mílíìkì tún di ọ̀wọ́n gógó, ọkùnrin kan tí ó ń po ọtí ní hòtẹ́ẹ̀lì, Nguyễn Văn Giảng, po pupa ẹyin títí ó fi ń hó, ó sì dà á lé kọfí lórí. Títí di òní ni àwọn àlejò ń wá mu ún ní Hanoi. Irú kọfí tí ó gbilẹ̀ jù ní Fiẹtnámù, èyí tí wọ́n ń pè ní robusta, igbó Áfíríkà ni ó ti wá. Lẹ́yìn àtúntò ètò ọrọ̀-ajé wọn ní ọdún 1986, wọ́n gbìn ín débi pé Brazil nìkan ni ó ń ta kọfí jù wọ́n lọ ní gbogbo ayé. Ẹ ṣàkíyèsí: àlejò ni kọfí ní ilẹ̀ wọn, gẹ́gẹ́ bí kòkó ti jẹ́ àlejò ní ilẹ̀ tiwa.

Obìnrin náà wá bi mí léèrè: "Kí ni ẹ̀yin ń gbìn nílé?" Mo fi ìgbéraga dáhùn pé kòkó ni. Ó ní, "Báwo ni ẹ ṣe ń ṣe é mu?" Ẹ̀yin ènìyàn mi, mo dákẹ́ lọ gbári. Èmi ọmọ àgbẹ̀ oníkòkó, èmi tí mo ti kọ́ ọmọ ní ilé ìwé fún ọdún mọ́kàndínlógún, n kò mọ̀ ọ́n. Ohun tí mo mọ̀ ni bí a ti ń ṣí agolo.

Ẹ jẹ́ kí a wá wo ilé. Láti ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni igi kòkó ti wá. Ó dé etíkun wa ní nǹkan bí ọdún 1874, ó sì wọ inú igbó ilẹ̀ Yorùbá díẹ̀díẹ̀, títí kan igbó Ọ̀wọ̀, Ìfọ́n àti Ìdóàní. Kí ni kòkó kò ṣe fún wa? Nígbà tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn bẹ̀rẹ̀ ètò ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní oṣù kìíní ọdún 1955, owó kòkó wà lára ohun tí ó gbé e ró. Ọ̀kan nínú àwọn tí wọ́n gbìmọ̀ ètò náà ni Olóyè Michael Adékúnlé Ajásin, ọmọ bíbí Ọ̀wọ̀, ẹni tí ó jẹ́ ọ̀gá Imade College láti ọdún 1947 dé 1962. Ilé Kòkó tí ó ga fíofío ní Ìbàdàn, tí wọ́n parí ní ọdún 1965, orúkọ rẹ̀ náà ń wí tirẹ̀. Bàbá tèmi fi kòkó rán ọmọ márùn-ún ní ilé ìwé. Síbẹ̀, títí ó fi wọ káà ilẹ̀ lọ, kò mu ife kan ṣoṣo tí ó ti inú oko tirẹ̀ jáde. Àwọn àgbà sì ti wí pé ẹni tí ó wà lẹ́bàá odò kì í fi itọ́ bọ́jú.

Nígbà tí mo padà dé, mo pe ogún akẹ́kọ̀ọ́ jọ, a ra kóró kòkó gbígbẹ ní ọjà, a gbé agbada kaná. A yan án bí ẹni yan ẹ̀pà. Àkọ́kọ́ jó. Èkejì jinná dáadáa. A fọ́ èèpo rẹ̀, a fẹ́ ẹ, a sì lọ̀ ọ́ lórí ọlọ. Ìyanu gbáà ni fún àwọn ọmọ pé a kò ta omi sí i tí ó fi di ohun tí ó ń ṣàn lórí ọlọ. Níbẹ̀ ni ẹ̀kọ́ sáyẹ́ǹsì ti wọlé: nǹkan bí ìdajì inú kóró kòkó jẹ́ ọ̀rá, ooru díẹ̀ péré ni ó sì ń yọ́ ọ. A fi omi gbígbóná àti ṣúgà pò ó. Ó korò, ó sì tún kan.

Mo gbé e lọ fún ìyá mi, ẹni tí ó ti lé ní àádọ́ta ọdún tí ó ti ń sá kòkó. Ó tọ́ ọ wò, ó fajú ro, ó sì ní kí a kó ìyókù kóró náà wá. Ó fi ọ̀bẹ la mẹ́ta sí méjì. Inú wọn pọ́n bí aṣọ àlùkò. Ó ní, "Ọmọ mi, ẹni tí ó ta èyí fún ọ kánjú. Kòkó tí kò bá sùn tó lábẹ́ ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ kò lè jí dáadáa nínú ife." Ó ṣàlàyé pé ọjọ́ márùn-ún sí mẹ́fà ni ó yẹ kí kòkó fi wà lábẹ́ ewé, kí a máa rò ó, títí ara rẹ̀ yóò fi gbóná, kí a tó sá a sí oòrùn, bí ó bá sùn tó, inú rẹ̀ a pọ́n rẹ́súrẹ́sú. Ó fún wa ní èyí tí òun fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe. A tún un yan, a tún un lọ̀. Òórùn rẹ̀ gba gbogbo àdúgbò. Ìyá mi mu tirẹ̀ tán, ó tẹjú mọ́ ìdí ife náà fún ìgbà pípẹ́, ó ní, "Ṣé ohun tí wọ́n ń rà lọ́wọ́ wa nìyí láti ọjọ́ yìí wá?"

Ìbéèrè yẹn ni ó gbé mi dé orí àga yìí lónìí. Ní ọdún 1986 kan náà tí Fiẹtnámù ń tún ètò wọn tò, ìjọba tiwa tú àjọ tí ó ń ra kòkó ká. Kí wọ́n tó tú u ká, olùyẹ̀wò a máa la kóró kòkó wò kí a tó díye lé e. Lẹ́yìn rẹ̀, àwọn oníṣòwò púpọ̀ wọ ọjà, wọ́n ń rà á níkánjúkánjú. Bí iye owó èyí tí ó sùn dáadáa àti èyí tí kò sùn bá dọ́gba, kí ni àgbẹ̀ yóò tìtorí rẹ̀ ní sùúrù? Ẹni tí kò tọ́ kòkó rẹ̀ wò rí kò lè bá olùrà jiyàn nípa adùn rẹ̀.

N kò sọ pé ìkòkò kòkó kan ní ilé ìwé yóò yí ọjà àgbáyé padà. Iye owó kòkó ayé kò sí ní ọwọ́ wa, ilé iṣẹ́ ńlá sì ń fẹ́ ẹ̀rọ, iná mànàmáná àti owó tí olùkọ́ kò ní. Ohun tí mo ń sọ ni pé láti ọdún 1982 tí ètò ẹ̀kọ́ ọlọ́dún 6-3-3-4 ti bẹ̀rẹ̀ ni a ti ń pariwo ẹ̀kọ́ àfọwọ́ṣe. A retí ẹ̀rọ láti òkè òkun. Ní ilé ìwé púpọ̀, inú àpótí ni ẹ̀rọ náà kú sí. Bẹ́ẹ̀ agbada wà, ọlọ wà, kòkó wà. Olùkọ́ náà sì wà, àmọ́ ó jókòó sí ẹ̀yìnkùlé níbi tí ó ti ń sá kòkó, a kò sì kà á kún olùkọ́ nítorí pé kò ní ìwé ẹ̀rí.

Àwọn kan yóò wí pé ìdánwò kò béèrè rẹ̀. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n nínú ìkòkò kan yẹn, àwọn ọmọ mi rí sáyẹ́ǹsì, wọ́n rí ìtàn, wọ́n rí ìṣirò owó, wọ́n sì rí ìyá àgbà kan tí ó mọ ohun tí olùkọ́ wọn kò mọ̀. Ọ̀kan nínú wọn sọ fún mi pé òun ti ń tijú iṣẹ́ bàbá òun tẹ́lẹ̀.

Nítorí náà, ẹ̀yin tí a jọ jókòó sí tábìlì yìí, ìbéèrè mẹ́ta ni mo gbé kalẹ̀ kí ìjíròrò tó bẹ̀rẹ̀. Èkíní, kí ni ó dí ilé ìwé ní Ọ̀wọ̀ àti Ọ̀sẹ́ lọ́wọ́ láti pe àgbẹ̀ wọ kíláàsì, kí a sì san owó iṣẹ́ rẹ̀ fún un? Èkejì, bí àlejò bá wá wo ààfin Ọlọ́wọ̀ tàbí ọdún Ìgògò, kí ni ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ́ lọ́dọ̀ wa kí ó tó padà? Ẹ̀kẹta, tí ó sì le jù: ta ni nínú àwa olùkọ́ ni yóò gbà kí kọfí tirẹ̀ kọ̀ láti kán ní ojú àwọn ọmọ, kí ó dà á nù, kí ó sì tún bẹ̀rẹ̀?

Mo fi ọ̀rọ̀ sílẹ̀ fún yín.