Bí Ọjọ́ Ṣe Ń Gba Ẹjọ́ Lọ́wọ́ Ẹni Tó Jàre

Òfin Ìpínlẹ̀ Èkó fi gbèdéke lé ọjọ́ tí èèyàn lè pẹjọ́ dà. Ẹni tó ń bèèrè gbèsè, tàbí tó ní wọ́n yẹ àdéhùn òun, ní ọdún 6. Ẹni tó fẹ́ gba ilẹ̀ rẹ̀ padà ní ọdún 12. Bó bá jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba ló ṣẹ èèyàn lẹ́nu iṣẹ́, oṣù 3 péré ni. Bí ọjọ́ bá ti kọjá, tí olùjẹ́jọ́ sì tọ́ka sí i, adájọ́ kò ní wádìí ẹni tó jàre mọ́. Ti ilẹ̀ ló le jù, nítorí ẹ̀tọ́ onílẹ̀ fúnra rẹ̀ ni òfin ní ó ti parẹ́.

Nínú ẹjọ́ Egbe àti Adefarasin ní 1987, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ń ka ọjọ́ náà. Adájọ́ yóò wo ọjọ́ tí olùpẹjọ́ fọwọ́ ara rẹ̀ kọ pé wọ́n ṣẹ òun, yóò fi wé ọjọ́ tó gbé ìwé wá sí kóòtù. Ká ní ìyá kan ta léèsì láwìn ní ọjà Tejúoṣó, tí owó rẹ̀ yẹ kó wọlé ní Oṣù Kejìlá 2016. Nígbà tí Oṣù Kejìlá 2022 fi máa parí, ẹjọ́ ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ajigbèsè bá san díẹ̀ nínú owó náà ní 2020, tàbí tó kọ ọ́ sínú ìwé pé òun jẹ ẹ́, tó sì fọwọ́ sí i, kíkà bẹ̀rẹ̀ lọ́tun nìyẹn. Rísíìtì kékeré lè gba ẹjọ́ ńlá là.

Ibi tó ń dun èèyàn jù ni ti ìpàdé àlàáfíà. Yorùbá ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, nítorí náà ni ọ̀pọ̀ ẹbí ní Mushin fi máa ń fi ọ̀rọ̀ ilẹ̀ sílé baálẹ̀. Wọ́n á sún ìpàdé síwájú, wọ́n á tún un sún. Kí wọ́n tó ṣe tán, ẹni tó gba ilẹ̀ ti da dẹ́kìn, ó ti kó ayálégbé sí i. Nínú ẹjọ́ Eboigbe àti NNPC ní 1994, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ sọ ọ́ gbangba pé ìdúnàádúrà kò dá kíkà ọjọ́ dúró. Lẹ́tà lọ́yà pàápàá kò dá a dúró. Kò sì sí ohun tó ní kí ẹni tó ti pẹjọ́ má parí ìjà: láti 2002 ni Èkó ti ní Lagos Multi-Door Courthouse, níbi tí wọ́n ti ń bá àwọn méjèèjì làjà.

Òfin náà ní ojú àánú díẹ̀. Wọn kì í ka ọjọ́ mọ́ ọmọdé lọ́rùn, bẹ́ẹ̀ ni wọn kì í kà á mọ́ ẹni tí wọ́n fi jìbìtì bo òótọ́ mọ́ lójú títí yóò fi mọ̀. Oṣù 3 yẹn náà kò kan àdéhùn, gẹ́gẹ́ bí ilé-ẹjọ́ ṣe sọ ní 1953 nínú ẹjọ́ Salako àti LEDB, àjọ tó kọ́ àwọn ilé ìjọba ní Sùúrùlérè.

Láti 2018, kóòtù májísíréètì ní Èkó ń gbọ́ ẹjọ́ gbèsè tí kò ju mílíọ̀nù 5 náírà lọ ní ìlànà kíákíá, ọjọ́ 60 ni wọ́n sì fi gbèdéke rẹ̀ sí. Kí ẹni tí gbèsè rẹ̀ ń sún mọ́ ọdún kẹfà gbé ìwé rẹ̀ lọ síbẹ̀ kí ọdún náà tó pé.