Iṣẹ́ Ẹsẹ̀, Ẹ̀rí Ìwé: Jack Leslie, Teslim Balogun àti Àwa

 

Ọ̀rọ̀ àwọn tó fi bọ́ọ̀lù ṣe iṣẹ́ òòjọ́ kí wọ́n tó bí ọ̀pọ̀ nínú wa ni mo bá wá. Ohun tí mo fẹ́ kí a jọ gbà kí a tó dìde ni pé iṣẹ́ tí a kò bá kọ sílẹ̀, lọ́jọ́ tí wọ́n bá rẹ́ ẹni tó ṣe é jẹ, a ò ní rí ohun tí a ó fi gbè é lẹ́yìn.

Ọdún 1901 ni wọ́n bí Jack Leslie sí Canning Town, ní ìlà-oòrùn London. Ọmọ Jàmáíkà ni bàbá rẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì ni ìyá rẹ̀. Láàárín ogun àgbáyé méjèèjì, ẹgbẹ́ Plymouth Argyle ló ń gbá bọ́ọ̀lù fún. Ó débẹ̀ ní 1921, ó gbá ìdíje 401 fún wọn, ó sì jẹ góòlù 137. Ó di olórí àwọn agbábọ́ọ̀lù wọn. Òun àti Sammy Black jọ ń gbá a lápá òsì, wọ́n sì mọwọ́ ara wọn dáadáa.

Ẹ má rò pé owó ńlá ló wà nídìí rẹ̀ nígbà náà. Láti 1922, òfin kò jẹ́ kí ẹgbẹ́ kankan san ju pọ́n-ùn 8 lọ́sẹ̀ fún agbábọ́ọ̀lù lásìkò ìdíje, pọ́n-ùn 6 sì ni lásìkò ẹ̀ẹ̀rùn. Bí àdéhùn rẹ̀ tilẹ̀ ti parí, kò lè lọ síbòmíràn bí ẹgbẹ́ rẹ̀ kò bá yọ̀ǹda rẹ̀. Èrò ń pariwo orúkọ rẹ̀ ní Sátidé, àmọ́ ọwọ́ ọ̀gá ni okùn rẹ̀ wà ní Mọ́ńdè.

Ní oṣù kẹwàá ọdún 1925, Bob Jack, mánéjà Plymouth, pè é wọ ọ́fíìsì. Ó ní wọ́n ti mú un fún ikọ̀ England tí yóò bá Ireland gbá ní Belfast. Gbogbo ìlú gbọ́, inú wọn dùn. Nígbà tó yá, orúkọ Billy Walker ti Aston Villa ni wọ́n gbé jáde, ti Leslie sì pòórá. Nígbà tó dàgbà, ó sọ fún oníwèé ìròyìn pé àwọ̀ ojú òun ni wọ́n wá wò, wọn ò wo bọ́ọ̀lù òun. Lọ́jọ́ tí England àti Ireland gbá ọ̀mì 0-0 ní Belfast, Plymouth na Bournemouth ní 7-2. Leslie jẹ méjì nínú méje náà.

Wọn ò pè é mọ́ láéláé. Lọ́jọ́ alẹ́ rẹ̀, ẹgbẹ́ West Ham ló ti ń ṣiṣẹ́, ó ń fọ bàtà fún Bobby Moore àti Geoff Hurst, àwọn tó gba ife-ẹ̀yẹ àgbáyé ní 1966. Ibẹ̀ náà ló wà nígbà tí Ade Coker, ọmọ tí wọ́n bí ní Èkó, kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù fún West Ham ní 1971 tó sì jẹ góòlù lọ́jọ́ náà. Ní 1988, Leslie papò dà.

Kí ló wá yí ọ̀rọ̀ náà padà? Ìwé ni. Àwọn ìwé ìròyìn 1925 ti tẹ orúkọ rẹ̀, àwọn olólùfẹ́ Plymouth sì lọ hú u jáde. Ní 2022, wọ́n ṣí ère rẹ̀ ní pápá Home Park. Ní 2023, àjọ bọ́ọ̀lù England gbé fìlà oyè agbábọ́ọ̀lù orílẹ̀-èdè lé ìdílé rẹ̀ lọ́wọ́ ní Wembley.

Ẹ jẹ́ kí a wálé. Ní 1949, ikọ̀ Nàìjíríà wọkọ̀ ojú omi lọ sí England, ọ̀pọ̀ wọn sì fi ẹsẹ̀ lásán gbá bọ́ọ̀lù níbẹ̀. Wọ́n na ẹgbẹ́ Marine ní 5-2 ní ẹ̀bá Liverpool. Teslim Balogun, ẹni tí agbára ìtasẹ̀ rẹ̀ sọ ọ́ ní Thunder, wà nínú wọn. Ní 1955, ó padà lọ, ó dara pọ̀ mọ́ Peterborough United. Ọdún tó tẹ̀ lé e, ó bọ́ sí Queens Park Rangers, ní Ìpele Kẹta ti Gúúsù, ìpele kan náà tí Leslie ti lo ọ̀pọ̀ ọdún rẹ̀. Òfin owó agbábọ́ọ̀lù ṣì wà níbẹ̀: ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbà ju pọ́n-ùn 15 lọ́sẹ̀. Balogun gbá ìdíje líìgì 13, ó jẹ góòlù 3. Ó padà sílé, ó di akọ́nimọ̀ọ́gbá, ó sì kú ní 1972.

Ẹ wò ó dáadáa. Ìdíje 13 yẹn, àwọn Gẹ̀ẹ́sì mọ̀ wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan. Ọ̀pọ̀ ọdún tó fi gbá a nílé ńkọ́? Ẹnu àwọn àgbà ni púpọ̀ nínú rẹ̀ wà. Ọdún ìbí rẹ̀ pàápàá, ìwé kan ní 1927, òmíràn ní 1931. Wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ pápá ìṣeré kan ní Sùúrùlérè, ní Èkó, èyí tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní 1984 tí kò parí títí di 2007. Ó dára, àmọ́ sìmẹ́ńtì kì í sọ ìtàn.

Ẹ ó ní bí ọmọdé kò bá ìtàn, yóò bá àrọ́bá, àrọ́bá sì ni baba ìtàn. Òótọ́ ni. Àrọ́bá tó láti fi kí akọni, ṣùgbọ́n kò lè gba ẹ̀tọ́ padà níwájú àjọ kankan. Ká ní àrọ́bá nìkan ni Leslie ní, fìlà yẹn ì bá má dé ilé rẹ̀.

Ẹgbẹ́ Ìbàdàn yìí ni IICC Shooting Stars tó gba ife-ẹ̀yẹ ilẹ̀ Áfíríkà ní 1976, ẹgbẹ́ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tó gba irú rẹ̀. Muda Lawal tó ti ń ṣe mẹkáníìkì tẹ́lẹ̀ wà nínú wọn. Ó ti lọ láti 1991. Segun Odegbami, agbábọ́ọ̀lù wọn mìíràn, kẹ́kọ̀ọ́ ẹnjiníà ní Poly Ìbàdàn tó múlé ti Àpẹ̀tẹ̀ wa yìí. Nígbà tó fi bọ́ọ̀lù sílẹ̀, ó mú kálàmù, ó ń kọ ìtàn bọ́ọ̀lù sínú ìwé ìròyìn. Mo bu ọ̀wọ̀ ńlá fún un nítorí rẹ̀, àmọ́ ẹnì kan kò lè dá ru ẹrù gbogbo wa.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, National Archives wà nínú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn. Ẹ lọ tú àwọn ìwé ìròyìn àtijọ́ níbẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ní fóònù, ẹ gba ohùn àwọn àgbà agbábọ́ọ̀lù àdúgbò yín sílẹ̀, kí ẹ bi wọ́n ní ọdún, pápá, orúkọ ẹni tó jẹ góòlù. Ẹ̀yin tí ẹ ń ṣètò ìdíje ní Àpẹ̀tẹ̀, ẹ ra ìwé kan, kí ẹ kọ gbogbo ìdíje síbẹ̀: déètì, àwọn tó gbá a, iye góòlù, rẹfirí. Ẹ ṣe ẹ̀dà méjì, kí ẹ fi ọ̀kan sí ilé-ẹ̀kọ́. Èmi ni yóò ra ìwé àkọ́kọ́. Kí ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ìdíje Sátidé tó ń bọ̀.