Ìbuwọ́lùwé Dókítà

 

Ẹ̀yin ọmọ wa tí ẹ di dókítà lónìí, dókítà kan ni mo fẹ́ fi ọ̀rọ̀ ìdágbére yìí rántí: Akanu Ibiam. Orúkọ rẹ̀ ló wà lára pápá ọkọ̀ òfuurufú Enugu, bóyá àwọn kan nínú yín sì ti gba ibẹ̀ kọjá láìbéèrè ẹni tó jẹ́. Ọmọ Unwana, ní ẹ̀bá Afikpo, ni. Ọdún 1906 ni wọ́n bí i. Ó kàwé ní Hope Waddell ní Calabar àti King's College l'Ékòó, kó tó lọ kọ́ iṣẹ́ ìṣègùn ní yunifásítì St Andrews ní Scotland. Eudora Olayinka Sasegbon ló fi ṣaya, nítorí náà àna wa ni.

Nígbà tó padà sílé, ó lè jókòó s'Ékòó kó máa tọ́jú àwọn olówó. Míṣọ́nnárì oníṣègùn ló yàn láti jẹ́, lábẹ́ Ìjọ Scotland. Ó gba Abiriba lọ, ó dá ilé ìwòsàn sílẹ̀ níbẹ̀ ní 1936. Lẹ́yìn náà ó ṣiṣẹ́ ní Itu àti Uburu, níbi tí wọ́n ti ń tọ́jú àwọn tó ní àrùn ẹ̀tẹ̀. Ẹ má gbàgbé pé kí oògùn dapsone tó dé ní ìparí àwọn ọdún 1940, abẹ́rẹ́ òróró hydnocarpus ni wọ́n ń lò, abẹ́rẹ́ tó ń dunni wọra, tí kì í sì í fi bẹ́ẹ̀ ṣiṣẹ́. Ẹlẹ́tẹ̀ tí ẹbí ti lé jáde, tí ó ń fara pa mọ́, kí ni yóò mú un jáde wá gba irú abẹ́rẹ́ bẹ́ẹ̀? Àfi tó bá gba ẹni tó ń gún un gbọ́. Iṣẹ́ ìlera aráàlú kò ní ìpìlẹ̀ mìíràn.

Ní oṣù Kejìlá 1960, wọ́n fi Ibiam jẹ Gómìnà Ìlà Oòrùn. Gómìnà ìgbà náà kì í ṣe irú ti òde òní. Ọwọ́ Prẹ́míà ni ìjọba wà, ìyẹn Michael Okpara, tí òun náà jẹ́ dókítà. Ti gómìnà ni kó gba àlejò, kó ka ọ̀rọ̀ tí ìjọba bá kọ fún un nígbà tí ilé aṣòfin bá ṣí, kó sì fọwọ́ sí òfin. Mo ti gbọ́ tí àwọn ọ̀dọ́ ń sọ pé ipò lásán ni, pé aṣọ àti àsè ni gbogbo rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ nílé wa ní 1962. Ọọ̀ni Adesoji Aderemi ni Gómìnà Ìwọ̀ Oòrùn. Àwọn tó pọ̀ jù nínú aṣòfin fọwọ́ sí ìwé pé àwọn kò fẹ́ Prẹ́míà Akintola mọ́. Kábíyèsí gba ìwé náà, ó yọ Akintola nípò. Ìjà bẹ́ nílé aṣòfin, ìjọba àpapọ̀ kéde ìlú ò fararọ, ẹjọ́ lórí ìyọnípò náà sì dé London. Ìbuwọ́lùwé ẹni kan ni mo ń sọ o! Ta ni wọ́n sì rán wá ṣàkóso Ìwọ̀ Oòrùn? Moses Majekodunmi, Mínísítà Ètò Ìlera, dókítà agbẹ̀bí.

Láti òní, ìbuwọ́lùwé tiyín náà ti ní agbára. Ẹ jẹ́ kí n fi ìwé ẹ̀rí ikú ṣe àpẹẹrẹ. Ìlà òkè ni ẹ óò kọ ohun tó pa aláìsàn lójú ẹsẹ̀ sí, ìlà ìsàlẹ̀ sì ni ohun tó fà á láti ìbẹ̀rẹ̀. Ìlà ìsàlẹ̀ yẹn ni àwọn tó ń ṣírò ikú fún orílẹ̀-èdè ń wá. Ilẹ̀ ti ṣú, ó ti rẹ̀ yín, ẹnì kan á ní kí ẹ sáà kọ ọ́ pé ọkàn dáwọ́ iṣẹ́ dúró. Òkú wo ni ọkàn rẹ̀ kò dáwọ́ dúró? Bí ìyá ọlọ́mọ bá ṣẹ̀jẹ̀ kú lẹ́yìn ìbímọ, tí ẹ kọ ti ọkàn, ẹ ti pa á rẹ́ nínú ìṣirò. Kò sẹ́ni tí yóò mọ̀ pé ilé ìwòsàn yẹn kò ní ẹ̀jẹ̀ nílẹ̀, èyí tó ń bọ̀ á sì kú síbẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ náà ni àjẹsára rọmọlápárọmọlẹ́sẹ̀. Yíǹkì ni wọ́n fi ń sàmì sí ìka ọmọ tó bá ti mu ún. Àwọn kan ti sàmì sí ìka ọmọ tí kò mu nǹkan kan, wọ́n fi irọ́ kún ìwé, alábòójútó sì fọwọ́ sí i. Inú mi kì í dùn tí mo bá rántí, nítorí ẹsẹ̀ ọmọ ọlọ́mọ ló ń san gbèsè irú irọ́ bẹ́ẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká padà sọ́dọ̀ dókítà wa. Nígbà tí ogun abẹ́lé Nàìjíríà bẹ̀rẹ̀ ní 1967, tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gbè sẹ́yìn ìjọba àpapọ̀, Ibiam dá oyè 'Sir' tí wọ́n fún un padà, ó sì pa orúkọ Francis tó ń jẹ́ tì. N kò ní ká dá ẹjọ́ ogun yẹn níbí. Ọmọ tọ̀túntòsì rẹ̀ ló jókòó sínú gbọ̀ngàn yìí. Ohun tí mo rí ni pé kò sí ìjọba tó lè gba èyí tó ti ṣe ní Abiriba lọ́wọ́ rẹ̀. Ìdí nìyí tí mo fi ń bẹ̀ yín kí ẹ má sáré wá ipò. Bó bá wá yín wá lọ́jọ́ kan, kó bá yín lẹ́nu iṣẹ́.

Àwọn kan nínú yín ń lọ sí ìgbèríko, àwọn kan ń múra àtikọjá sókè òkun. Mo súre fún gbogbo yín. Ẹ ní nọ́ńbà wa lọ́wọ́. Bí ọ̀gá kan bá gbé ìwé síwájú yín pé kí ẹ fọwọ́ sí ohun tí ẹ kò fojú rí, ẹ pè wá, kódà kó jẹ́ òru. A óò gbè yín.