Bí Típà Bá Wọ Àhámọ́ Nítorí Yanrìn Odò
(Ọ̀rọ̀ tí a sọ ní ìpàdé ẹ̀ka wa ní Ìjẹ̀bú-Òde)

 

Bí wọ́n bá gba típà lọ́wọ́ awakọ̀ nítorí yanrìn odò, báwo ni a ṣe lè gbà á padà ní ọ̀nà òfin? Gbogbo wa la mọ ìnira tó wà níbẹ̀. Típà tó dúró sí àgọ́ ọlọ́pàá kò pa owó. Òjò ń pa á, táyà ń bàjẹ́, bátìrì ń kú, bẹ́ẹ̀ ni gbèsè tí a fi rà á kò dúró. Awakọ̀ àti ọmọ ẹ̀yìn ọkọ̀ ni ebi ń kọ́kọ́ pa.

Òfin Ohun Àlùmọ́nì ti ọdún 2007 sọ pé ẹni tí yóò wa yanrìn fún iṣẹ́ òwò, ìbáà ṣe nínú odò tàbí níbòmíràn, gbọ́dọ̀ gba ìwé àṣẹ lọ́dọ̀ Mínísítà Ìjọba Àpapọ̀. Ìyọ̀ǹda baálẹ̀ tàbí onílẹ̀ nìkan kò tó. Ní oṣù Kẹta ọdún 2024, ìjọba yan 2,220 nínú àwọn Sífù Dìfẹ́ńsì láti máa ṣọ́ ibi tí wọ́n ti ń wa àlùmọ́nì. Nítorí náà, kì í ṣe ọlọ́pàá nìkan ló lè dá yín dúró.

Ìka tó ṣẹ̀ ni ọba ń gé. Ṣùgbọ́n lójú títì, ẹni tó wa yanrìn ti lọ sílé rẹ̀. Awakọ̀ tó rù ú ni ọwọ́ ń tẹ̀. Kí ẹ tó gba ẹrù, ẹ béèrè ẹ̀dà ìwé àṣẹ, kí ẹ sì gba rìsíìtì tó ní ọjọ́ àti ibi tí yanrìn ti wá.

Bí ọ̀rọ̀ bá ti bẹ́yìn yọ, ẹ má bẹ̀rù. Ọkọ̀ tí wọ́n gbé pamọ́ kò tíì di ti ìjọba. Abala 44 nínú Ìwé Òfin Orílẹ̀-èdè kò gbà kí a fi ipá gba dúkìá ẹnikẹ́ni, àfi ní ọ̀nà tí òfin là sílẹ̀. Ọ̀nà ìdáǹdè wà nínú abala 10 Òfin Ìṣàkóso Ẹjọ́ Ọ̀daràn ti 2015, tó wà fún ẹ̀sùn lábẹ́ òfin Ìjọba Àpapọ̀:

1. Ọlọ́pàá tó múni gbọ́dọ̀ kọ gbogbo ohun tó gbà sílẹ̀, kí òun àti ẹni tí wọ́n mú fọwọ́ sí i, kí ó sì fún un ní ẹ̀dà. Ẹ rí i pé nọ́ńbà ọkọ̀, táyà, jáàkì àti bátìrì wà níbẹ̀.

2. Kí ẹni tó ni ọkọ̀ kọ lẹ́tà, kí ó so ìwé ọkọ̀ mọ́ ọn, kí ó ní òun fẹ́ gbà á pẹ̀lú ìwé onígbọ̀wọ́ kí ẹjọ́ tó dé kóòtù. Ọlọ́pàá lè gbà, ó sì lè kọ̀.

3. Bí ó bá kọ̀, òfin ní kí ó fi ọ̀rọ̀ ohun tó gbà tó kóòtù létí. Kóòtù lè pàṣẹ kí a dá a padà fún olówó rẹ̀. Níbí ni lọ́ọ́yà ti wúlò jù.

Abala 7 òfin kan náà sọ pé a kò gbọdọ̀ mú ẹnikẹ́ni dípò ẹlòmíràn. Bí wọ́n bá ń wá ọlọ́kọ̀, ìyàwó rẹ̀ kọ́ ni kí wọ́n tì mọ́lé.

Ní Íńdíà, níbi tí wàhálà yanrìn odò ti pọ̀, Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ wọn sọ ní ọdún 2002 pé kò wúlò kí ọkọ̀ máa pẹ́ ní àgọ́ ọlọ́pàá. Kí wọ́n ya fọ́tò rẹ̀, kí olówó rẹ̀ ṣe onígbọ̀wọ́, kí ó gbé e lọ. Kì í ṣe òfin tiwa, ṣùgbọ́n ọgbọ́n ni.

Ẹ rántí o: ìdásílẹ̀ ọkọ̀ kì í ṣe ìdáláre. Ẹ kò gbọdọ̀ tà á tàbí pààrọ̀ ọ̀dà rẹ̀. Ọjọ́ tí kóòtù bá pè é, kí ó yọjú. Owó tí kò ní rìsíìtì kò sì dá ọkọ̀ sílẹ̀. Ó kàn ń sún wàhálà síwájú ni. N kò gbèjà wíwa yanrìn láìgbàṣẹ. Afárá tí odò bá gbẹ́ ìdí rẹ̀, àwa náà la ń gbà á kọjá.

Ìmọ̀ràn mi nìyí: kí awakọ̀ kọ̀ọ̀kan fi ẹ̀dà ìwé ọkọ̀ sí ọwọ́ akọ̀wé ẹ̀ka, kí a sì máa dá owó díẹ̀díẹ̀ jọ fún lọ́ọ́yà. Àjèjé ọwọ́ kan kò gbé ẹrù dórí.

 Ìṣọ̀kan ni agbára òṣìṣẹ́.