Ẹ Fi Etí Gun Òkè Ìdànrè

Bí ẹ bá fẹ́ gun Òkè Ìdànrè, ẹ jẹ́ kí ẹni tó mọ ọ̀nà ṣíwájú yín. Àtẹ̀gùn ibẹ̀ ju 600 lọ; ẹ má sáré, ibi ìsinmi wà lọ́nà.

Ẹ ó rí ààfin àtijọ́ ti Ọwá, ẹ ó rí ilé ẹjọ́, ẹ ó sì rí ilé agogo. Ẹ dúró pẹ́ nídìí ilé agogo yìí. Kò sí rédíò nígbà náà, kò sí fóònù. Agogo àti ìlù ló ń pe ará ìlú jọ.

Lọ́dún 1923 ni àwọn èèyàn bẹ̀rẹ̀ sí sọ̀ kalẹ̀ wá sí ìsàlẹ̀. Ilé kò lè bá wọn sọ̀. Orin bá wọn sọ̀, torí ẹnu ni wọ́n fi gbé e. Ṣùgbọ́n àwọn tó mọ orin àtijọ́ ń dàgbà. Àbí irọ́ ni mo pa?

Nítorí náà, ẹ mú ìwé àti lẹ́ẹ̀dì dání. Ẹ bi ẹni tó ń mú yín káàkiri pé: ta ló ń lu agogo yìí? Kí ni wọ́n ń kọ lórin lọ́jọ́ ọdún Orósùn? Bí kò bá mọ̀, ẹ bi ìyá àgbà nílé. Bó bá ti dá orin náà ni kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹnu Ìdànrè ni o, ẹ má yí i sí ti Ọ̀yọ́.