Omi inú àpò ọkàn: ẹ má dúró dìgbà tí ẹ bá délé

Ẹ̀yin ará ilé wa ní Kánò, Kàdúná, Jos, àti gbogbo ibi tí ẹ wà, admin yín ni. Ẹ̀yin tí ariwo ọjà ò jẹ́ kí ẹ gbọ́ ohùn mi, a ti ní kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀, ẹ fara balẹ̀ kà á.

Láti ọjọ́ tí wọ́n ti fa omi níbi ọkàn ará wa kan, ìbéèrè kan náà lẹ ń bi mí: "Admin, ṣé omi máa ń wà níbi ọkàn ni?" Ó máa ń wà níbẹ̀ o. Pípọ̀ tó pọ̀ jù ni wàhálà.

Ẹ wo bí àwa oníṣòwò gòrò ṣe ń di ọjà wa. Àpò líle wà níta, ewé tútù wà nínú, kí obì má baà gbẹ. Bí ti ọkàn náà ṣe rí nìyẹn. Àpò kan ló bò ó. Awọ ìta àpò yìí yi, kì í tètè fà. Awọ inú rẹ̀ fẹ́lẹ́, ìpele méjì ló sì ní: ọ̀kan lẹ̀ mọ́ awọ líle yẹn, èkejì lẹ̀ mọ́ ọkàn fúnra rẹ̀. Àárín àwọn méjèèjì ni omi díẹ̀ wà, bíi ṣíbí ìjẹun kan sí mẹ́ta péré.

Ọkàn wa máa ń lù tó ìgbà 100,000 lójúmọ́. Omi yẹn ni kì í jẹ́ kí awọ máa ha awọ, bí ọ́ìlì inú ẹ́ńjìnnì. Àpò náà tún di ọkàn mú sójú kan, kó má baà máa yí kiri nígbà tí a bá ń gbé ẹrù. Kì í jẹ́ kí ọkàn fẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, ó sì máa ń dènà kòkòrò àrùn tó bá fẹ́ gba ẹ̀dọ̀fóró wọ ibẹ̀.

Ṣùgbọ́n tí omi bá pọ̀ níbẹ̀, yíyi tí awọ ìta yi náà ló máa di ewu. Kò lè tètè fẹ̀, nítorí náà ọkàn ni omi yẹn máa fún mọ́lẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ ò ní ráyè wọlé, kò sì ní rí èyí tó máa tú jáde sí ara. Tí ó bá jẹ́ ẹ̀jẹ̀ ló ya síbẹ̀ lójijì, bóyá ọ̀bẹ tàbí jàǹbá mọ́tò ló fà á, ohun tí kò tó ìlàjì ọ̀rá píọ́wọ́tà kan lè pa èèyàn. Tó bá jẹ́ pé díẹ̀díẹ̀ ló ń kó jọ, àpò á máa fẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó lè gba ọ̀rá píọ́wọ́tà méjì. Olúwa rẹ̀ á ṣì máa nájà, á ní ó rẹ òun lásán ni.

Kí ló ń fà á? Oríṣiríṣi ni, àmọ́ ní ilẹ̀ Áfíríkà, ikọ́ ẹ̀gbẹ ló wà níwájú, pàápàá lára ẹni tó ní HIV. Afẹ́fẹ́ ló ń gbé ikọ́ yìí kiri. Àwa tí a ń sùn ní márùn-ún, mẹ́fà nínú yàrá kan, tí a ti fèrèsé pa, ọ̀rọ̀ wa ni.

Àmì rẹ̀ nìyí. Àyà á máa gún èèyàn bí ọ̀bẹ, á le sí i tó bá fẹ̀yìn lélẹ̀ tàbí tó bá mí kanlẹ̀, á sì dẹ̀ díẹ̀ tó bá jókòó tó tẹ̀ síwájú. Èémí á máa gé e. Iṣan ọrùn á yọ síta, ẹsẹ̀ àti ikùn á wú. Tí ẹsẹ̀ bá wú lọ́jà, a máa ń ní ó ti tẹ oògùn. Ẹ dákun, ẹ gbé e lọ sí ọsibítù kọ́kọ́. Wọ́n á ya fọ́tò àyà, wọ́n á fi ẹ̀rọ wo ọkàn. Tí omi bá pọ̀, dókítà á fi abẹ́rẹ́ fà á.

Tí ikọ́ bá ti tó ọ̀sẹ̀ méjì, ẹ lọ yẹ ara yín wò. Ní ọsibítù ìjọba tí wọ́n ti ń tọ́jú ikọ́ ẹ̀gbẹ, àyẹ̀wò kẹ̀lẹ̀bẹ̀ àti oògùn rẹ̀, ọ̀fẹ́ ni. Tí ẹ bá gbọ́ "tarin fuka" lẹ́nu àwọn Haúsá, òun náà ni. Oògùn ọ̀hún sábà máa ń gba oṣù mẹ́fà. Ẹ má dá a dúró torí pé ara ti yá. Nígbà míì, ìtọ́jú tí kò parí máa ń jẹ́ kí àpò yẹn gan bí awọ ìlù mọ́ ọkàn lára, iṣẹ́ abẹ ni wọ́n á sì fi bó o kúrò.

Èyí tó ń dùn mí jù ni "jẹ́ kí n délé ná." Láti Kánò dé Ògbómọ̀ṣọ́, ọ̀nà jìn. Ẹni tí ọkàn rẹ̀ ń bá omi jà kò gbọ́dọ̀ fi òru jókòó sínú mọ́tò. Ibi tí ẹ wà ni kí ẹ ti tọ́jú ara yín. Ẹni tí èdè Haúsá kò bá yọ̀ mọ́ lẹ́nu, kó kọ ọ́ sí group, ẹnì kan á tẹ̀ lé e lọ.

Ẹ fi ránṣẹ́ sí ẹni tí kò sí nínú group wa. A ò ní fi òógùn wa ṣe owó ìsìnkú o. Ire o.